Ta Lẹ Ń Wá?

Ohun méjì ni mo máa ń wò lórí fóònù mi lálẹ́ kí n tó sùn, àwọn méjèèjì ò sì jọra rárá. Èkíní ni fíìmù apànìyàn léraléra: ẹni tó ń pa èèyàn kan tẹ̀lé èkejì, tí ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ á máa tọpa rẹ̀ títí ilẹ̀ á fi fẹ́ẹ̀ mọ́. Èkejì ni fídíò àwọn tó ń rìn ní Japan. Ẹ má ṣì mí gbọ́ o. Ìrìn lásán ni. Ẹnìkan á gbé kámẹ́rà dání, á yà sí ẹ̀yìn òpópónà kan ní Tokyo, á máa rìn lọ láàárín ilé. Kò ní sọ̀rọ̀, kò ní kọrin, kò ní ní kẹ́ ẹ tẹ bọ́tìnnì kankan. Ẹ̀ ń gbọ́ ìró bàtà rẹ̀. Ẹ̀ ń gbọ́ ẹyẹ. Wákàtí kan, wákàtí méjì, ó parí.

Àbúrò mi obìnrin tá a jọ ń gbé sọ pé orí mi ò pé. Ó ní báwo lèèyàn ṣe máa jókòó wo bí wọ́n ṣe ń dú èèyàn fún wákàtí méjì, kó wá fi ìrìn àwọn ará Japan lé e bí ẹni fi omi tútù lé ẹ̀bà? Mo rẹ́rìn-ín, mi ò fún un lésì. Ṣùgbọ́n mo ti ro ọ̀rọ̀ náà dáadáa, mo sì gbà pé ohun kan náà ni mò ń wò nínú méjèèjì: òpópónà tó dákẹ́, àti ẹnìkan tó ń rìn níbẹ̀ tí ẹnikẹ́ni ò mọ̀. Nínú fíìmù, ẹni yẹn lè jẹ́ apànìyàn. Nínú fídíò, bíi pé èmi gan-an ni.

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ ibi tí mo ti mọ fíìmù. Òkókómáíkò ni mo dàgbà sí, lójú ọ̀nà márosẹ̀ tó lọ sí Àgbádárìgì. Ẹni tó bá mọ ọ̀nà yẹn á mọ̀ pé ariwo ò wọ́n wa. Kọ̀ńdọ́ kan ń pe Míìlì Tú, òmíràn ń pe Ìyànà-Ìbà, oníkẹ̀kẹ́ Márúwá ń tẹ fèrè, ṣọ́ọ̀ṣì ń ṣe ìṣọ́ òru, mọ́ṣáláṣí ń pe ìrun, jẹnẹrétọ̀ lándílọ́ọ̀dù ń dá gbogbo wọn lóhùn. Téèyàn bá sì wọkọ̀ díẹ̀, ó ti dé ọjà Alábà nìyẹn, níbi tí àwọn oníṣòwò láti gbogbo ìpínlẹ̀ ti ń ra tẹlifíṣọ̀n, fíríìjì àti ẹ̀rọ orin.

Kí íntánẹ́ẹ̀tì tó dọwọ́ gbogbo èèyàn, ojúde fíìmù náà ni Alábà. Àwọn mákẹ́tà Nollywood ní ṣọ́ọ̀bù níbẹ̀. Àwọn tó ń da fíìmù onífíìmù kọ láìgbàṣẹ náà wà níbẹ̀, wọn ò sì sá pamọ́. Ọmọ ẹ̀gbọ́n bàbá mi kan ní tábìlì síídì nínú ọjà náà, èmi la sì máa ń rán lọ gbé oúnjẹ fún un nígbà ọlidé. Síídì kan ṣoṣo, fíìmù mẹ́wàá, nígbà míì ogún. Àwòrán tó wà lára páálí rẹ̀ lè má sí nínú èyíkéyìí nínú wọn. Wọ́n á kọ orúkọ òṣèré kan gàdàgbà síwájú, ẹ ò sì ní rí ojú rẹ̀ títí síídì á fi tán. Lórí irú síídì bẹ́ẹ̀ ni mo ti kọ́kọ́ rí The Silence of the Lambs tó jáde ní 1991, àti Se7en tó jáde ní 1995, tí wọ́n há sáàárín fíìmù àwọn ará Ṣáínà tó ń ta ẹsẹ̀ síra wọn. Ọmọ ọdún mẹ́tàlá ni mí. Mi ò sùn dáadáa fún ọjọ́ mẹ́ta. Lọ́jọ́ kẹrin, mo padà lọ sídìí tábìlì náà, mo ní, "Bọ̀dá mi, ẹ bá mi wá òmíràn tó jọ ọ́."

Kí ló dùn níbẹ̀? Ẹ̀jẹ̀ kọ́ o, mo máa ń dijú tí ẹ̀jẹ̀ bá ti pọ̀ jù. Ìbéèrè ni. Fíìmù náà á bi ẹ́ pé ta ló ṣe é, á sì ṣèlérí pé wàá gbọ́ èsì kó o tó sùn. Láyé tiwa yìí, wọ́n á jí bátìrì mọ́tò bàbá ẹ lẹ́nu geètì, ẹ ò ní mọ ẹni tó gbé e títí ayé. Nínú fíìmù, ẹnìkan wà tí iṣẹ́ rẹ̀ ni pé kó má lè sùn títí á fi mọ̀.

Fíìmù ilé tiwa ò rí bẹ́ẹ̀. Ẹ rántí Living in Bondage, tí Kenneth Nnebue gbé jáde ní 1992 ní èdè Ìgbò, tí ọ̀pọ̀ èèyàn kà sí ìbẹ̀rẹ̀ Nollywood. Ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Andy fi Merit ìyàwó rẹ̀ ṣe oògùn owó. A ò nílò ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ kankan níbẹ̀. A mọ ẹni tó pààyàn, a mọ ìdí tó fi pààyàn, owó ni. Ohun tá a jókòó dè ni ìgbà tí ẹ̀san máa ké, òkú ìyàwó náà ló sì ń yọ sí i títí ọpọlọ rẹ̀ fi dàrú. Àìmọye fíìmù Yorùbá ló gba ọ̀nà yẹn kan náà. Ìgbàgbọ́ wa ni pé ohun tó bá pamọ́ lójú èèyàn ò pamọ́ lójú Ọlọ́run. Fíìmù apànìyàn léraléra ò ní irú ìgbàgbọ́ yẹn. Níbẹ̀, ẹ̀san ò mọ̀nà wá fúnra rẹ̀. Èèyàn ẹlẹ́ran ara ló máa wá a dé, èèyàn ẹlẹ́ran ara sì lè ṣìnà.

Ọ̀rọ̀ àṣìnà yẹn ni mo fẹ́ bá a yín sọ gan-an. Ẹ jẹ́ ká mú October 1, èyí tí Kúnlé Afọláyan ṣe, tó jáde ní 2014. Ẹni tí kò bá tíì wò ó kó fò ìpínrọ̀ méjì, nítorí mo fẹ́ tú gbogbo àṣírí rẹ̀. Ọdún 1960 ni ìtàn náà, ọ̀sẹ̀ díẹ̀ kí Nàìjíríà tó gbòmìnira. Ní ìlú kan tí wọ́n pè ní Akọ́té, ẹnìkan ń fipá bá àwọn ọ̀dọ́bìnrin lò, ó sì ń pa wọ́n. Ìjọba àwọn òyìnbó rán ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ kan láti Òkè Ọya, Danladi Waziri, tí Sadiq Daba ṣe. Kò gbọ́ Yorùbá, kò mọ ẹnikẹ́ni, wọ́n sì fẹ́ kó parí iṣẹ́ kí wọ́n tó gbé àsíá tuntun sókè.

Gbogbo ìlú ń ṣe sàdáńkátà fún ọmọ ọba, Adérọ̀pò, ọmọ àkọ́kọ́ tó kàwé dé yunifásítì nínú wọn. Òun ni apànìyàn náà. Nígbà tó wà lọ́mọdé, àlùfáà òyìnbó tó mú un lọ kàwé ní Èkó ló bà á jẹ́, ìyẹn ló sì ń gbẹ̀san lára àwọn tí kò ṣẹ̀ ẹ́. Ṣùgbọ́n kó tó di pé a mọ̀ bẹ́ẹ̀, wọ́n rí òkú ọmọbìnrin Ìgbò kan, wọ́n sì mú àlejò kan tó ń kọjá, ọkùnrin ará Òkè Ọya tó ń jẹ́ Usman. Kò sí ẹ̀rí tó dájú lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Àlejò ni, ojú rẹ̀ ò jọ tiwa, ó tó. Waziri fọ̀rọ̀ wá a lẹ́nu wò, ó rí i pé ọwọ́ rẹ̀ mọ́, ó fẹ́ fi í sílẹ̀ kó máa lọ. Bàbá ọmọ tó kú, tí Kanayo O. Kanayo ṣe, kò dúró gbọ́ ìyẹn. Ó pa Usman.

Nígbà tí mo kọ́kọ́ wò ó, ọ̀rọ̀ ọmọ ọba ló gbà mí lọ́kàn, bó ṣe gba gbogbo èèyàn. Nígbà tí mo tún un wò, Usman ni mò ń rí ṣáá. Kì í ṣe òun ni wọ́n kọ ìtàn náà lé lórí. Ẹ̀ẹ̀kan ló kàn kọjá lójú ọ̀nà. Ṣùgbọ́n òkú rẹ̀ wà níbẹ̀ pẹ̀lú ti àwọn ọmọbìnrin yẹn, apànìyàn ò sì fọwọ́ kàn án.

Látìgbà náà ni mo ti ń wá Usman nínú gbogbo fíìmù irú rẹ̀, mo sì máa ń rí i. Ẹ wo Memories of Murder, fíìmù Bong Joon-ho, ará Korea, tó jáde ní 2003. Ìṣẹ̀lẹ̀ gidi ni wọ́n fi ṣe é: láàárín 1986 sí 1991, wọ́n ń pa àwọn obìnrin ní agbègbè Hwaseong, ìlú oko àti oníṣẹ́ ilé-iṣẹ́. Nínú fíìmù náà, àwọn ọlọ́pàá mú ẹni tí làákàyè rẹ̀ ò pé, wọ́n lù ú kó lè jẹ́wọ́. Wọ́n mú òmíràn, wọ́n lu òun náà. Fíìmù náà parí láìmọ ẹni tó ṣe é, nítorí pé nígbà náà lóòótọ́, ẹnikẹ́ni ò mọ̀. Ọdún 2019 ni àyẹ̀wò DNA tó tọ́ka sí ọkùnrin kan tó ti wà lẹ́wọ̀n tipẹ́ nítorí ìpànìyàn mìíràn, tó sì jẹ́wọ́. Kí wọ́n tó mọ̀ bẹ́ẹ̀, ẹlòmíràn ti ṣẹ̀wọ̀n nǹkan bí ogún ọdún lórí ọ̀kan nínú ikú yẹn. Ilé ẹjọ́ dá a láre ní oṣù Kejìlá 2020. Ogún ọdún, ẹ gbọ́ o. Ta ló máa dá a padà fún un?

Ohun tó yé mi nìyí: oríṣi òkú méjì ló wà nínú fíìmù apànìyàn tó bá dáa. Àwọn tí apànìyàn pa wà, àwọn tí ìbẹ̀rù pa sì wà.

Bí mo bá ti ronú débẹ̀ lálẹ́, ara mi máa ń gbọ̀n, mo máa ń fẹ́ ibi tí ẹnikẹ́ni ò ti ń lé ẹnikẹ́ni. Nígbà náà ni mo máa ń lọ sí Japan.

Yanaka ni mo fẹ́ràn jù. Àdúgbò àtijọ́ ni ní Tokyo. Ilẹ̀ tó mì tìtì ní 1923 ba púpọ̀ nínú ìlú náà jẹ́, bọ́ǹbù Amẹ́ríkà tún sun ọ̀pọ̀ rẹ̀ ní 1945, síbẹ̀ púpọ̀ nínú Yanaka yè é. Ìdí nìyẹn tí ọ̀nà ibẹ̀ ṣì fi há, tó ń lọ́ kọ́lọkọ̀lọ láàárín ilé onígi àti ilé ìsìn àtijọ́. Ẹ óò rí ìkòkò òdòdó lẹ́nu ilẹ̀kùn gbogbo èèyàn. Ẹ óò rí kẹ̀kẹ́ ológeere tí wọ́n gbé ti ògiri, ológbò tó sùn sórí pẹpẹ, ẹ̀rọ tó ń ta ohun mímu fúnra rẹ̀ ní kọ̀rọ̀ tí ẹnikẹ́ni ò ṣọ́ ọ. Ẹ óò rí wáyà iná tó lọ́ mọ́ra lókè bíi ti Òkókómáíkò gẹ́lẹ́. Nígbà tí mo kọ́kọ́ rí i, inú mi dùn bí ẹni rí ìbátan rẹ̀ lókè òkun. Nírọ̀lẹ́, ní ọ̀pọ̀ àdúgbò wọn, gbohùngbohùn ìjọba á ta orin jẹ́jẹ́ kan. Wọ́n fi ń dán an wò bóyá ó ṣì ń ṣiṣẹ́ kí àjálù tó dé, àwọn ọmọdé sì ti mọ̀ pé tó bá ti dún, ó tó ká relé.

Mi ò dé Japan rí. Ẹ̀yin náà mọ bí físà ṣe rí. Kí ló wá dé tí ibi tí mi ò dé rí fi ń ṣe mí ní àárò? Mo rò pé ẹ̀yìnkùlé ìyá ìyá mi ni mo ń rí níbẹ̀. Àwórì ni wọ́n, Ọ̀jọ́ gan-an ni ilé wọn wà, nínú ìlú àtijọ́ tó wà lápá ibi tí omi wà, kì í ṣe lẹ́bàá títì. Ọ̀nà tó há wà láàárín ilé àti ilé. Tá a bá lọ kí wọn ní ọlidé, lẹ́yìn tí àwọn àgbà bá ti jẹun ọ̀sán tí oorun gbé wọn lọ, gbogbo ibẹ̀ á dákẹ́. Ẹ óò gbọ́ adìẹ tó ń họ ilẹ̀. Ẹ óò gbọ́ ẹ̀rọ ọkọ̀ ojú omi lọ́ọ̀ọ́kán. Àwa ọmọdé á máa rìn káàkiri, ẹnikẹ́ni ò ní bi wá léèrè ibi tá à ń lọ, nítorí pé ẹnikẹ́ni tó bá jí á ti mọ ọmọ ẹni tí a jẹ́. Ìdákẹ́jẹ́ yẹn ni mò ń wá kiri lórí fóònù. Mo máa ń rà dátà nítorí rẹ̀.

Ṣùgbọ́n nǹkan kan wà nínú fídíò Japan tí kò sí ní Ọ̀jọ́, ojú mi ò sì lè kúrò lára rẹ̀. Kò sẹ́ni tó ń bi oníkámẹ́rà ní nǹkan kan. Ó lè rìn fún wákàtí méjì lẹ́yìn ilé onílé, ìyá àgbà kan á gbá iwájú ilé rẹ̀, á wò ó fìrí, á máa gbálẹ̀ lọ. Ẹ gbìyànjú rẹ̀ ní Ìbà kẹ́ ẹ wò ó. Ẹ yà sí òpópónà tí ẹ ò gbé, ẹ máa rìn díẹ̀díẹ̀, kẹ́ ẹ máa wo òrùlé àti òdòdó. Ẹ ò ní dé ilé kẹta tí ẹnìkan á fi yọjú: "Ẹ ǹlẹ́ o. Ta lẹ ń wá?"

Ìkíni ni. Ìrànlọ́wọ́ ni pẹ̀lú, nítorí tẹ́ ẹ bá ń wá ẹnìkan lóòótọ́, wọ́n á mú yín délé rẹ̀, wọ́n á tiẹ̀ sọ fún yín pé ó ti jáde láàárọ̀. Ọ̀nà ìṣọ́ tiwa náà nìyẹn. Àwọn ará Japan ní àgọ́ ọlọ́pàá kékeré tí wọ́n ń pè ní kóbáǹ káàkiri àdúgbò wọn. Àwa ní ìyá alátẹ, onífọ́káná àti àwọn bàbá tó ń ta ayò. Mo fẹ́ràn ìbéèrè náà. Mo tún mọ ohun tó lè dì.

Ní 2016 àti 2017, ohun tí wọ́n ń pè ní Badoo ba Ìkòròdú lẹ́rù. Ní òru, wọ́n á wọlé bá ìdílé lórí oorun, wọ́n á fi ọmọ ọlọ fọ́ wọn lórí, ìyá, bàbá, ọmọ. Ọ̀rọ̀ fíìmù kọ́ nìyí. Ọmọ ọlọ, ohun tí ìyá wa fi ń lọ ata. Àwọn èèyàn ò lè sùn mọ́. Àwọn ọ̀dọ́ bẹ̀rẹ̀ sí í ṣọ́ àdúgbò pẹ̀lú àdá àti igi. Ta ló máa dá wọn lẹ́bi? Ṣùgbọ́n ní ìbẹ̀rẹ̀ oṣù Keje 2017, ní Odogunyan, àwọn èèyàn dá aláwàdà kan dúró pẹ̀lú àwọn tí wọ́n jọ wà nínú mọ́tò, tí wọ́n ń bọ̀ láti òde eré. Wọ́n ní Badoo ni wọ́n. Wọ́n pa wọ́n, wọ́n sì sun wọ́n. Oníṣẹ́ ẹ̀rín ni o.

Ìkòròdú jìnnà sí wa, òdìkejì Èkó ni. Ṣùgbọ́n ìbẹ̀rù ò wọ dáńfó kó tó dé ibi tó ń lọ. Orí WhatsApp ló gbà dé Ìbà. Ní ọ̀sẹ̀ yẹn, èmi àti ọ̀rẹ́ mi kan tá a jọ wà ní yunifásítì ń bọ̀ láti ibi tá a ti lọ tẹ̀wé. Ilẹ̀ ti ń ṣú. Ọmọ Ìdọmà ni ọ̀rẹ́ mi, láti Benue. Yorùbá rẹ̀ ò ju "ẹ káàárọ̀" àti "èló ni" lọ. A gba ẹ̀yìn òpópónà nítorí pé títì dí. Ló bá di pé àwọn ọ̀dọ́ bíi mẹ́jọ yọ síwájú wa.

"Ẹ dúró níbẹ̀! Ta lẹ ń wá?"

Mo ní a ò wá ẹnikẹ́ni, a kàn ń kọjá ni. Wọ́n ní ká ṣí báàgì wa. Ọ̀kan nínú wọn yíjú sí ọ̀rẹ́ mi, ó bi í ní Yorùbá pé kí lorúkọ ẹ̀. Ọ̀rẹ́ mi dáhùn ní òyìnbó. Ẹ ò bá rí bí afẹ́fẹ́ ibẹ̀ ṣe yí padà lẹ́ẹ̀kan náà. Mò ń sọ̀rọ̀ lọ, mò ń sọ̀rọ̀ lọ, mo sì rí i pé wọn ò gbọ́ mi mọ́. Wọ́n ti béèrè, wọn ò dúró dè èsì.

Màmá kan tó ń din àkàrà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibẹ̀ ló dìde. Oníbàárà ìyá mi ni wọ́n, ìyá mi máa ń bá wọn rán aṣọ. Wọ́n fi ṣíbí gígùn tí wọ́n fi ń yí àkàrà nà wọ́n lọ́ọ̀ọ́kán, wọ́n ní, "Kí lẹ fẹ́ fi wọ́n ṣe? Ọmọ mi ni wọ́n. Àwọn méjèèjì." Ọ̀dọ́ kan ní, "Màmá, ẹ mọ ìkejì yìí?" Wọ́n ní, "Mo ní ọmọ mi ni. Ṣé o fẹ́ bá mi jiyàn lórí ọmọ mi ni?"

Wọn ò rí ọ̀rẹ́ mi rí láyé wọn.

Wọ́n fún wa ní àkàrà nínú ìwé ìròyìn, wọ́n ní ká jókòó ti àwọn títí ara wa á fi balẹ̀. Ọ̀rẹ́ mi ò lè jẹ ẹ́. Ó bi mí ohun tí màmá náà sọ, mo túmọ̀ rẹ̀ fún un. Ó dákẹ́ fún ìgbà pípẹ́. Lẹ́yìn náà ló ní kí n kọ́ òun bí wọ́n ṣe ń sọ "ọmọ mi ni" ní Yorùbá, mo sì kọ́ ọ. Ó ti parí ẹ̀kọ́ rẹ̀, ó ti padà sílé. Títí di òní, tó bá pè mí lórí fóònù, ohun tó fi ń kí mi nìyẹn.

Mo mọ̀ pé àwọn kan á ní ìdí nìyẹn tí Japan fi dáa jù wá lọ: ẹ wò ó, àlejò ń rìn níbẹ̀, ẹnikẹ́ni ò dá a dúró. Kò rọrùn tó bẹ́ẹ̀. Ní ọjọ́ 30, oṣù Kejìlá, 2000, ẹnìkan wọ ilé kan ní Setagaya, ní Tokyo kan náà, àdúgbò tó dákẹ́ bí èyí tí mò ń wò nínú fídíò. Ó pa bàbá, ìyá àti ọmọ wọn méjì. Ó tún jókòó sínú ilé náà fún wákàtí bíi mélòó kan, ó jẹ áísìkiriìmù wọn, ó lo kọ̀ǹpútà wọn. Ó fi aṣọ rẹ̀ sílẹ̀, ó fi ipa ìka àti ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ sílẹ̀. Ó lé ní ogún ọdún báyìí, wọn ò tíì rí i mú. Ìdákẹ́jẹ́ kì í ṣe ẹ̀rí pé kò sí aburú. Ẹni tí kò bi àlejò ní nǹkan kan lè jẹ́ ẹni tó fọkàn tán an, ó sì lè jẹ́ ẹni tí ọ̀rọ̀ rẹ̀ ò kàn.

Fíìmù Japan kan wà tó gbé ọ̀rọ̀ yìí kalẹ̀ fún mi bó ṣe yẹ. Cure ni wọ́n ń pè é, Kiyoshi Kurosawa ló ṣe é ní 1997. Ìpànìyàn ń ṣẹlẹ̀ ní Tokyo, ọ̀nà kan náà ni wọ́n ń gbà pa gbogbo wọn, àmì X ni wọ́n ń gé sí wọn lọ́rùn. Ṣùgbọ́n ẹlòmíràn ló ń ṣe ọ̀kọ̀ọ̀kan: tíṣà, ọlọ́pàá, dókítà, àwọn èèyàn pẹ̀lẹ́ tí kò lè ṣàlàyé ìdí tí wọ́n fi ṣe é. Ẹni tó wà nídìí ọ̀rọ̀ náà ni ọ̀dọ́kùnrin kan tó dà bí ẹni tí iyè rẹ̀ ti ra. Kò gbé ọ̀bẹ. Ohun tó ń ṣe ni pé á bá èèyàn jókòó, á máa bi í léraléra pé ta ni onítọ̀hún. Onítọ̀hún á dáhùn, á tún bi í. Kì í ṣe èsì ló ń wá. Ó ń wá ibi tí ọkàn onítọ̀hún ti sán, kó lè gba ibẹ̀ wọlé.

Nígbà tí mo wo fíìmù yẹn, ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ yẹn ní Ìbà ló padà sí mi lọ́kàn. Ìbéèrè kan náà ni. Ta ni ẹ́? Ta lẹ ń wá? Ní ẹnu ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ rere, ìbéèrè yẹn ń wá òótọ́. Ní ẹnu ìyá alátẹ, ó ń mú àlejò dé ibi tó ń lọ. Ní ẹnu àwùjọ tí ẹ̀rù ń bà, ìdájọ́ ni wọ́n ti ṣe tán, wọ́n kàn fi ohùn ìbéèrè sọ ọ́ ni. Ọgbọ́n kọ́ ló ya Waziri sọ́tọ̀ sí àwọn tó pa Usman, nítorí ó pẹ́ kí òun náà tó mọ apànìyàn. Ohun tó yà wọ́n sọ́tọ̀ ni pé ó béèrè, ó sì jókòó gbọ́ ohun tí ọkùnrin náà sọ. Sùúrù yẹn ni mò ń wò nínú àwọn fíìmù wọ̀nyí láti ọmọ ọdún mẹ́tàlá, kí n tó mọ orúkọ rẹ̀.

Òpópónà tí mò ń gbé báyìí ní geètì. Aago mọ́kànlá alẹ́ la máa ń tì í, àwa ayálégbé náà sì máa ń bá fijilanté jókòó lẹ́nu geètì ní ọjọ́ tó bá kàn wá. Ní alẹ́ ọjọ́ kan lọ́dún tó kọjá, ọkùnrin kan dé tòun ti àpò Ghana-Must-Go, ó ti rẹ̀ ẹ́, fóònù rẹ̀ ti kú. Ó ní ọ̀dọ̀ ẹ̀gbọ́n òun lòun ń lọ, ṣùgbọ́n kò mọ nọ́ńbà ilé. Ọ̀kan nínú wa ti ń kùn pé ojú rẹ̀ ò ṣe é gbà gbọ́. Mo gbé àga mi fún un. Mo ní, "Ẹ kú ìrìn o. Ẹ jókòó. Ta lẹ ń wá?"

Ó pẹ́ kí ọ̀rọ̀ rẹ̀ tó já gaara. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ń ta páìpù, ó ga, ó ní ọmọ mẹ́ta, ìyàwó rẹ̀ máa ń kọrin ní ṣọ́ọ̀ṣì. A ń tò ó pọ̀ díẹ̀díẹ̀, ẹni tó ń kùn tẹ́lẹ̀ gan-an ló padà mọ ilé náà. A lọ kan ilẹ̀kùn. Ìyàwó náà jáde pẹ̀lú gèlè tí kò tíì wé tán, ó figbe ta pé àbúrò ọkọ òun ni, àwọn ti ń pe fóònù rẹ̀ láti ọ̀sán.

Ó tó ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún tí gbogbo rẹ̀ gbà. Kí ọkùnrin náà tó wọlé, ó yíjú padà, ó dì mí lọ́wọ́ mú, ó ní, "Ẹ ṣeun o. Ẹ̀yin ńkọ́, ta ni yín?"

Mo sọ orúkọ mi fún un, mo sì sọ ọmọ ẹni tí mo jẹ́.